Bẹ́ǹṣì Tó Mú Bàbá Mi Dọ̀bálẹ̀

Ìwé kan ṣoṣo ni mo fi ń kọ́ bí irin ṣe ń gbẹ́rù: ìwé ìṣirò tí wọ́n ti ṣe tán. Mi ò kì í ṣe ìṣirò ọ̀hún fúnra mi, mo kàn ń há a sórí bí ọmọ ilé kéú. Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo ti fìdí rẹmi nínú ìdánwò rẹ̀. Tí mo bá tún fìdí rẹmi, wọ́n máa lé mi kúrò nílé ìwé ni. Ẹ̀rù ń bà mí gan-an.

Ìṣirò kan wà níbẹ̀ tó máa ń bí mi nínú: irin gbọọrọ kan lórí ẹsẹ̀ méjì, tí orí rẹ̀ kan yọ síta. Wọ́n ní ká wá ìwúwo tí ẹsẹ̀ kọ̀ọ̀kan ń gbé. Ìdáhùn ẹsẹ̀ kan ní àmì ìyọkúrò níwájú. Mo ní irọ́ ni, báwo lẹsẹ̀ ṣe máa gbé ohun tó dín sí òfo? Mo gbà pé àwọn tó tẹ̀wé ló ṣe àṣìṣe, mo fi bírò pa á rẹ́.

Lọ́sẹ̀ yẹn, bàbá mi, wẹ́dà ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ tó ní ṣọ́ọ̀bù ní Kofar Rini, ní Sókótó, ní kí n ya bẹ́ǹṣì kan. "Ẹnjiníà, iṣẹ́ yá!" Mo ya ẹsẹ̀ méjì, mo jẹ́ kí orí kan yọ gùn kó lè dé ibòji dóńgóyárò. Bàbá mi jó irin náà pọ̀, ó sì jókòó síbi ibòji. Télọ̀ mẹ́ta, aládùúgbò wa, jókòó sí apá kejì.

Kò pẹ́ tí onílé wa dé, Yorùbá tí wọ́n bí sí Sókótó níbẹ̀. Ó ju àwọn télọ̀ lọ lọ́jọ́ orí, àmọ́ bàbá mi jù ú lọ. Àwọn télọ̀ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta dìde lẹ́ẹ̀kan náà, wọ́n dọ̀bálẹ̀. Bàbá mi ṣì rọra jókòó síbẹ̀ bí àgbà. Ẹsẹ̀ bẹ́ǹṣì tó wà lápá àwọn télọ̀ bá gbéra nílẹ̀, ni bàbá mi bá nà gbalaja níwájú onílé.

"Kai! Subhanallahi! Bàbá, ẹ̀yin kẹ̀? Ẹ dìde jọ̀ọ́, ẹ má ké ẹ̀mí mi kúrú!"

Bàbá mi tu iyanrìn dànù, ó wò mí. "Ẹnjiníà, iṣẹ́ ọwọ́ ẹ rèé?"

Ojú tì mí dé àtẹ́lẹsẹ̀.

Lọ́jọ́ ìdánwò, irú ìṣirò yẹn gan-an ló jáde, àmọ́ wọ́n ti yí nọ́ńbà rẹ̀ padà. Àhásórí ò ràn mí lọ́wọ́ mọ́, mo bá ṣe é fúnra mi. Àmì ìyọkúrò tún yọjú. Bí mo ṣe fẹ́ pa á rẹ́, mo rántí bàbá mi pẹ̀lú iyanrìn lẹ́nu. Mo fi í sílẹ̀, mo kọ ọ́ sísàlẹ̀ pé: ẹsẹ̀ yìí máa gbéra, ẹ wá nǹkan dè é mọ́lẹ̀.

Mo yege. Bẹ́ǹṣì ọ̀hún ṣì wà níbẹ̀, bàbá mi ò jẹ́ kí n tún un ṣe. Ẹnikẹ́ni tó bá ń bọ̀, ìbáà ṣe ọmọ ọdún méje, bàbá mi ló máa ń kọ́kọ́ fò dìde. Gbogbo Kofar Rini ló ń sọ pé àwọn ò tíì rí àgbà tó nírẹ̀lẹ̀ tó bẹ́ẹ̀.