Òkú Tí Kò Rẹ́rìn-ín

Òórùn ọ̀dà tútù ni mo kọ́kọ́ bá pàdé nínú ọgbà yẹn ní Igbó-Elérin. Ojú ọjọ́ ṣú dùdù, òjò kò sì rọ̀. Pósí tuntun kan wà lórí àga méjì, ará Mẹ́síkò tí mo wá fọ̀rọ̀ wá lẹ́nu wò sì jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ó ń jẹ ẹ̀pà.

O mọ irú wọn: òun ló ń kọ ìtàn, òun náà ló ń ṣeré. Eré orí tẹlifíṣọ̀n tí wọ́n fi ohùn Yorùbá sí ló jẹ́ kí wọ́n mọ ojú rẹ̀ ní Okokomaiko. Nígbà tí kò sẹ́ni tó fún un ní ipa gidi nílùú rẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ọ́ fún ara rẹ̀. "Mo sì máa ń jẹ́ kí n kú lópin," ló wí. "Ẹni tó kú ni wọ́n máa ń rántí." Fíìmù tí wọ́n ń yà nínú ọgbà yìí, tí àgbà òṣèrébìnrin kan láti Iba ń darí, ni àkọ́kọ́ tó ti jẹ́ olú ẹ̀dá ìtàn. Gbogbo ìrètí rẹ̀ wà níbẹ̀.

Nínú iṣẹ́ fíìmù Yorùbá, ẹni tó bá ṣe òkú gbọ́dọ̀ dìde nínú pósí, kó yọ ahọ́n, kó rẹ́rìn-ín sí kámẹ́rà kí wọ́n tó pa kámẹ́rà, kí ikú lè mọ̀ pé eré ni. Wọ́n ti ṣàlàyé èyí fún un. Ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n ya ibi tó ti kú tán, tí ìyá olùdarí ní, "Ó tó," ọkùnrin náà kò mira nínú pósí. A rò pé ó ń fi wá ṣeré.

"Òyìnbó, dìde o, ọbẹ̀ ń tutù!" ni ẹni tó ń gbé iná pariwo. Gbogbo wa rẹ́rìn-ín. Òun kò rín. Bátìrì kámẹ́rà tán kó tó lajú.

Ìyá di ọwọ́ mi mú. "Oníròyìn, bá mi bẹ̀ ẹ́. Kó padà wọ inú ẹ̀, a óò wá bátìrì míì."

Mo túmọ̀ rẹ̀ fún un. Ó wo pósí títí. "Rárá," ló wí. "Inú ibẹ̀ tutù ju bí mo ṣe rò lọ." Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ náà ló wọ bàálù lọ sílé.

Fíìmù ti parí, pátákó ìpolówó rẹ̀ pàápàá ti wà nílẹ̀. Ìyá kò gbé e jáde. "Bí mo bá gbé e jáde báyìí, òkú ni mo fi han ayé," ló sọ fún mi. "Ọmọ ọlọ́mọ ni."

Ohun tí ojú rí ni mo máa ń kọ, n kì í kọ ohun tí àwọn èèyàn ń bẹ̀rù. Síbẹ̀, bí ọ̀rọ̀ ará Mẹ́síkò náà bá wọlé sórí fóònù mi, "Fíìmù mi dà?", ọkàn mi á kọ́kọ́ balẹ̀ pé ó ṣì wà láàyè kí n tó wá àwáwí. Ìbéèrè yẹn ló ti di ẹ̀rín tó jẹ wá. Lẹ́nu àìpẹ́ yìí, kì í tètè dé mọ́.