Ìparí Fíìmù Tí Mo Ní Ó Dára

Láwọn ọdún tí owó ń ṣàn ní Dublin, tí ilé tuntun ń hù ní àdúgbò Lucan bí olú, iṣẹ́ ìtọ́jú ilé ni mo ń ṣe fún màmá ará Japan kan níbẹ̀. Ìtàn fíìmù ló ń kọ ní Tokyo kó tó tẹ̀ lé ọkọ rẹ̀ wá sí Ireland. Ọkọ ti kú. Fíìmù tó kọ gbẹ̀yìn kò rí èrò wò ó, kò sì kọ òmíràn mọ́. Ó ní àwọn ọmọṣẹ́ òun ló ba òun jẹ́: gbogbo wọn ń tẹrí ba, gbogbo wọn ń sọ pé ó dára.

Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun kan, ó fi ọwọ́ méjèèjì gbé ìwé lé mi lọ́wọ́. Ìtàn tuntun ni, ó fẹ́ fi ránṣẹ́ sí ilé-iṣẹ́ fíìmù kan. Bí wọn ò bá gbà á, ó parí nìyẹn.

"Kà á. Ìwọ kì í ṣe ọmọṣẹ́ mi. Sọ òótọ́."

Nínú ìtàn náà, ìyá kan fi àìsàn pamọ́ fún ọmọ rẹ̀ lọ́dún kan gbáko. Ní ìparí, nígbà tí ọmọ gbọ́, ó kàn rẹ́rìn-ín músẹ́, ó dì mọ́ ìyá rẹ̀. Ọmọ wo nìyẹn? Èmi ìbá ti fọ́ abọ́! Ṣùgbọ́n màmá ń wò mí, ó ju ìyá mi lọ lọ́jọ́ orí.

"Ó dára gan-an mà," ni mo wí. Ojú rẹ̀ tàn. Inú mi bàjẹ́ kíá.

Lọ́jọ́ kejì, mo lọ ra iṣu lọ́jà Moore Street. Mo rò ó fún ọ̀rẹ́ mi tó ń tajà níbẹ̀.

"Leave am jàre," ó ní. "Ṣé bí wọ́n ṣe kọ́ ẹ nílé nìyẹn, kó o máa sọ fún àgbàlagbà pé iṣẹ́ ẹ̀ ò dáa? She'll be grand, kò sóhun tó máa ṣe é."

Mo fi iṣu sílẹ̀, mo wọ bọ́ọ̀sì lọ sí Lucan. Gbogbo iná ojú ọ̀nà ló ń dá wa dúró. Ẹyin lohùn, èmi sì ti jẹ́ kó balẹ̀. Mo ń gbàdúrà pé kó má tíì fi ìwé náà ránṣẹ́.

Màmá ṣílẹ̀kùn. Mo kúnlẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà níbẹ̀.

"Ẹ jọ̀ọ́ mà, irọ́ ni mo pa lánàá. Ìparí yẹn ò dára. Ọmọ yẹn gbọ́dọ̀ bínú."



"Mo ti fi ránṣẹ́ láàárọ̀," ó ní, "torí o ní ó dára."

Omi bọ́ lójú mi. Ó wọlé, ó gbé ẹ̀dà tó kù sórí tábìlì, ó jókòó, ó mú pẹ́ńsùlù.

"Ojú ewé wo ni ọmọ yẹn ti máa bínú?"