Ìṣó Inú Igi Apá

Igi apá kan ló bí abúlé Sọ́míìlì tó wà lọ́nà Komu. Abẹ́ rẹ̀ ni àwọn lagilagi àkọ́kọ́ ń sùn kí ilé kankan tó dúró níbẹ̀. Ẹni tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ dé á kan ìṣó tirẹ̀ mọ́ ọn láti fi ẹ̀wù kọ́, ó di ará ibẹ̀ nìyẹn. Ó ti pẹ́ tí èèpo igi ti bo ìṣó Sàlàkọ́, ọ̀kan nínú àwọn lagilagi àkọ́kọ́ náà.

Nígbà tí igi igbó tán, Oyèlékè, ọmọ olóògbé tó ni ẹ̀rọ ìlagi, ti Ìsẹ́yìn dé, ó ní kí gbogbo wọn kó ẹrù wọn. Sàlàkọ́ ní ìyàwó òun ni òun sin síbẹ̀. Oyèlékè pòṣé.

"Ẹ ò ní nǹkan kan níbí. Apá yẹn gan-an, mò ń là á lónìí."

Sàlàkọ́ la ẹnu láti kìlọ̀ fún un.

"Panu rẹ mọ́!"

Ọmọ àná ń sọ bẹ́ẹ̀ sí àgbà! Sàlàkọ́ panu mọ́ lóòótọ́. Nígbà tí wọ́n gé igi náà tí wọ́n gbé e sórí ẹ̀rọ, ó kàn ní kí gbogbo èèyàn sún sẹ́yìn ni.

Ayùn wọ igi, ó han gooro, ayùn náà sì já sí méjì.

Oyèlékè fi ìbínú pariwo: "Ọmọ àlè wo ló kan irin mọ́ igi yìí?"

Sàlàkọ́ bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó wo ìṣó náà. Ìṣó ńlá bẹ́ẹ̀ kan ṣoṣo ló wà lára apá náà, ó sì mọ ẹni tó ni ín.

"Bàbá rẹ ni. Lọ́jọ́ tó dé, tòun ti ẹ̀wù kan ṣoṣo."