Ọ̀nà Ilé Tí Bàbá Mi Fọwọ́ Ara Wọn Dí

Bàbá mi jókòó nínú ìgbìmọ̀ Ìbàdàn fún ọdún bíi mélòó kan, wọ́n ń bá àwọn ìjòyè ṣòfin, títí di ọjọ́ kan tí wọ́n dédé kọ̀ tí wọn ò lọ mọ́. Àwọn ará abúlé wa kò mọ ìdí rẹ̀ títí gbogbo wọn fi kú tán. Àwọn kan ní ìjòyè kan ló ṣe ìlara wọn, àwọn kan ní ara wọn ni kò le. Tí ọ̀rọ̀ náà bá ti bẹ̀rẹ̀, màá wá iṣẹ́ ṣe ní ẹ̀yìnkùlé, nítorí pé èmi mọ ìdí rẹ̀. Mo ti dàgbà báyìí, n kò sì rí ẹni tí màá tún máa bò ó fún.

Abúlé wa wà lápá ọ̀nà Ifẹ̀, ìrìn òwúrọ̀ kan sí bodè ìlú. Ibẹ̀ ni wọ́n bí mi sí, ibẹ̀ ni wọ́n bí bàbá mi náà sí, síbẹ̀ kò sẹ́ni tó jẹ́ pe ibẹ̀ ní ilé. Oko ni. Ilé wà ní Ìbàdàn, nínú agboolé kan tí a kì í dé ju ìgbà ọdún àti ìgbà òkú lọ. Ẹni tó bá kú lóko, wọ́n á fi ẹní wé e, ọkùnrin mẹ́rin á gbé e relé, wọ́n á sì sin ín sínú yàrá láàárín àwọn èèyàn rẹ̀. Ẹni tí wọ́n bá sin sóko, ẹni tí kò léèyàn ni. Kò sẹ́ni tó kọ́ wa. A kàn mọ̀ ọ́n bẹ́ẹ̀ ni.

Ìyá tó bí bàbá mi, Ìyá Àgbà là ń pè wọ́n, ti mọ ibi tiwọn. Inú yàrá ọkọ wọn ni, níbi tí ọkọ wọn ti sùn láti ìgbà tí bàbá mi wà lọ́mọdé. Ìgbàkígbà tí a bá relé ọdún, Ìyá Àgbà á fi ẹbọ́tọ, ìgbẹ́ màlúù, pa ilẹ̀ yàrá náà, wọn kì í jẹ́ kí ìyàwó ilé kankan bá wọn dá sí i. Tí wọ́n bá pa á tán, wọ́n á fọwọ́ lé ẹ̀gbẹ́ ògiri, wọ́n á ní ibí yìí ni tàwọn, kí ẹnikẹ́ni má ṣe gbé ìkòkò síbẹ̀. A máa ń fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́ pé wọ́n ti gba ilẹ̀ kí wọ́n tó nílò rẹ̀.

Bí bàbá mi ṣe dé inú ìgbìmọ̀ kò ní ariwo nínú. Láyé ìgbà yẹn, àwọn akódà, ìránṣẹ́ ìjọba, máa ń wá kó àwọn ọkùnrin lóko láti lọ ru ẹrù fún Àjẹ́lẹ̀, òyìnbó tó ń ṣojú ìjọba nílùú. Wọn kì í wò ó bóyá kòkó ti pọ́n lórí igi. Bàbá mi lọ bá àwọn ìjòyè, wọ́n dọ̀bálẹ̀ gbalaja, wọ́n fi ohùn pẹ̀lẹ́ sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan, lẹ́ẹ̀mejì, lẹ́ẹ̀mẹ́ta, títí àwọn ìjòyè fi fòfin de kíkó èèyàn nígbà ìkórè. Látìgbà náà ni àwọn baálẹ̀ oko apá ọ̀dọ̀ wa ti fẹnu kò pé kí bàbá mi máa lọ jókòó síbẹ̀, kí àwa ará oko náà lẹ́nu ọ̀rọ̀. Ẹsẹ̀ ni wọ́n máa ń fi rìn lọ. Tí wọ́n bá padà dé abúlé, wọ́n á jókòó sábẹ́ igi odán, wọ́n á ro gbogbo ohun tó ṣẹlẹ̀ fún àwọn ará abúlé, èyí tó dùn àti èyí tí kò dùn. Wọ́n máa ń sọ pé òfin tí wọ́n bá ṣe níṣojú àwọn, òfin àwọn ni, àwọn ò ní í wá máa ti ọ̀rọ̀ sí ìgbìmọ̀ lọ́rùn.

Mo fẹ́ràn wọn nígbà yẹn. Ẹ jẹ́ kí n tètè sọ ọ́, kí ẹ má baà rò pé ojú burúkú ni mo fi ń wò wọ́n láti ilẹ̀.

Lẹ́yìn náà ni ikọ́ burúkú kan wọ̀lú. Dókítà òyìnbó sọ fún ìgbìmọ̀ pé kí wọ́n má jẹ́ kí wọ́n gbé òkú kankan láti oko wọ ìlú mọ́, ìbáà jẹ́ ikọ́ ló pa á, ìbáà má jẹ́ ikọ́. Àwọn ìjòyè ń kùn, kò sẹ́ni tó fẹ́ kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Bàbá mi ló dìde. Wọ́n ní ọ̀rọ̀ òkú dun àwọn ju ẹnikẹ́ni lọ nítorí pé ará oko ni àwọn, ṣùgbọ́n àwọn tó wà láàyè ń kú, kí wọ́n ṣe òfin náà. Wọ́n ṣe é. Akéde lu agogo rẹ̀ kiri gbogbo ọjà oko, akódà sì dúró sí bodè.

Ẹni tó kọ́kọ́ bọ́ sí i ní abúlé wa ni ọkùnrin kan tó ń bá bàbá mi ṣe àáró. Ìyàwó rẹ̀ kú. Ó wá dọ̀bálẹ̀, ó ní kí bàbá mi bá òun bẹ akódà, pé ẹ̀ẹ̀kan péré ni. Bàbá mi sunkún, mo rí omi lójú wọn, ṣùgbọ́n wọ́n ní rárá. Ìdí igi obì ni wọ́n sin obìnrin náà sí. Ọkùnrin yẹn kò bá wa ṣe àáró mọ́.

Ikọ́ náà lọ bó ṣe dé. Òjò rọ̀, òjò dá, a ń retí kí akéde wá lu agogo pé òfin ti kásẹ̀ nílẹ̀. Kò wá. Ìgbà tí iṣu tuntun jáde ni Ìyá Àgbà dùbúlẹ̀. Kì í ṣe ikọ́, ogbó ni.

Èmi ni mo ń tọ́jú wọn. Lójoojúmọ́ ni wọ́n ń bi mí bóyá a máa gbé àwọn relé, lójoojúmọ́ ni mo sì ń dáhùn pé kí ló máa ní ká má gbé wọn relé. Òfin wà nílẹ̀, mo mọ̀, ṣùgbọ́n mo gbẹ́kẹ̀ lé bàbá mi. Mo rò ó pé bó bá kan ìyá tó bí wọn lọ́mọ, wọ́n á wá ọ̀nà kan. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, Ìyá Àgbà fọwọ́ pè mí mọ́ra.

"Mo gbọ́ agogo yẹn lọ́jọ́ tí wọ́n lù ú lọ́jà," ni wọ́n wí. "N kò ní í délé. Má jẹ́ kí bàbá rẹ mọ̀ pé mo mọ̀."

Wọn ò bi mí mọ́ láti ìgbà yẹn. Lọ́jọ́ kejì, wọ́n dákẹ́.

Àwọn àbúrò bàbá mi ọkùnrin ti di ìgbànú mọ́ra, ẹní ti wà nílẹ̀. Bàbá mi ní kí wọ́n tú ìgbànú. Àwọn àbúrò bẹ̀ wọ́n, wọ́n ní bodè kan wà tí akódà ibẹ̀ jẹ́ àna àwọn, á ṣe bíi pé òun kò rí àwọn. Bàbá mi ní tí àwọn bá gbé ìyá àwọn kọjá, ojú wo ni àwọn máa fi wo ọkùnrin tí ìyàwó rẹ̀ wà ní ìdí obì? Ni mo bá gbaná jẹ. Mo sọ ohun tí ọmọ kì í sọ sí bàbá. Mo ní ìgbìmọ̀ ti gba ojú lójú wọn, pé nítorí kí wọ́n lè níyì lábẹ́ odán ni wọ́n ṣe fẹ́ sọ ìyá wọn di ẹni tí kò léèyàn. Àwọn àna tó yẹ kó gbẹ́ ilẹ̀ kọ̀, wọ́n ní àwọn ò gbẹ́lẹ̀ òkú àgbà lóko rí. Bàbá mi mú ọkọ́, wọ́n sì gbẹ́ ilẹ̀ ìyá wọn fúnra wọn ní ẹ̀yìn ilé.

Àwọn ẹbí tó wà nílùú kò wá. Èmi náà kò bá bàbá mi sọ̀rọ̀ ju ẹ káàárọ̀ àti ẹ kú iṣẹ́ lọ. Tí mo bá gbé oúnjẹ fún wọn, màá yíjú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ó sún mọ́ ọdún kan tí mo fi ṣe bẹ́ẹ̀, wọn ò sì bá mi wí rí.

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, bàbá mi ti ìpàdé dé, wọn ò yà sábẹ́ odán. Àwọn èèyàn ti pé jọ, wọ́n ń retí wọn. Bàbá mi gba ẹ̀gbẹ́ wọn kọjá, wọ́n wọlé, wọ́n ní kí n wá.

Wọ́n ní ìyá ìjòyè kan kú sí oko rẹ̀, wọ́n sì gbé e gba bodè wọlé ní ọ̀sán gangan, akódà ń kí wọn kú ọ̀fọ̀. Bàbá mi dìde nínú ìgbìmọ̀, wọ́n bèèrè bóyá òfin wà fún ará oko nìkan ni. Ni akọ̀wé bá ṣí ìwé. Oṣù mẹ́ta ni wọ́n ṣòfin náà fún. Ó ti parí kí iṣu tuntun tó jáde.

Bàbá mi ní àwọn gbọ́ oṣù mẹ́ta yẹn lọ́jọ́ tí wọ́n ṣe é. Ṣùgbọ́n agogo ni wọ́n fi gbé òfin náà jáde, àwọn sì ń retí kí wọ́n fi agogo ká a kúrò, bí wọ́n ti ń ṣe é láti ìgbà àwọn bàbá wọn. Wọ́n rò pé dókítà ló fà á gùn. Akọ̀wé ní ọjọ́ tó máa parí ti wà nínú ìwé, ta ló tún ń san owó ẹsẹ̀ akéde fún ìyẹn? Àwọn ìjòyè rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní àwọn ti ń gbé òkú tiwọn wọlé tipẹ́, ṣé bàbá mi ṣì ń pa á mọ́ ni? Nígbà tí bàbá mi ń bọ̀, wọ́n yà ní agboolé wa, wọ́n bi àwọn àgbà ibẹ̀ bóyá a lè gbé Ìyá Àgbà wá báyìí. Àwọn àgbà ní èèwọ̀, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ hú òkú.

"Òfin yẹn ti kú kí ìyá mi tó kú," ni bàbá mi wí.

Ìríra ló jẹ́ láti sọ, ṣùgbọ́n inú mi kọ́kọ́ dùn. Mo ní ó tán, ojú ti tì wọ́n, èmi ni mo jàre. Bàbá mi wá gbójú sókè wò mí, àfi bíi pé èmi ni àgbà.

"Ṣé ìyá mi mọ̀," ni wọ́n bi mí, "pé wọn ò ní í délé?"

Mo ti parọ́ fún Ìyá Àgbà lórí ẹní wọn lójoojúmọ́. Irọ́ kò le lẹ́nu mi rárá. Ẹyọ kan ṣoṣo tó yẹ kí n pa, tí Ìyá Àgbà fúnra wọn sì bẹ̀ mí fún, ni mo kọ̀ láti pa.

"Wọ́n mọ̀," ni mo wí. "Wọ́n gbọ́ agogo yín. Wọ́n ní kí n má sọ fún yín."

Bàbá mi dìde, wọ́n gba ẹ̀yìnkùlé jáde, wọ́n jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibi tí wọ́n sin ìyá wọn sí. Òjò ti ṣú, kò pẹ́ tó fi bẹ̀rẹ̀. Àwọn ará abúlé ń pè láti abẹ́ odán pé ìpàdé ńkọ́, ṣé ó dára? Mo dúró lẹ́nu ọ̀nà ẹ̀yìn, mo ń wo bàbá mi, òjò ń pa wọ́n, n kò sì lọ pè wọ́n wọlé.