Ọmọ Mi Tó Ń Fi Ìmọ́lẹ̀ Sí Àwòrán

Àkànní, ọmọ Ìkòyí, ọmọ ẹ̀ṣọ́ tí kì í gba ọfà lẹ́yìn, àkọ́bí mi, ọkọ mi. Orúkọ rẹ̀ tó kù wà lẹ́nu mi. Ti gbogbo àwọn tó bá a ṣiṣẹ́, mo mọ̀ wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan; mi ò kàn ní kọ wọ́n síbí ni.

Padova, nílùú òyìnbó, ni mo ti ń tọ́jú àwọn arúgbó. Òun wà ní Torino, lọ́dọ̀ àbúrò bàbá rẹ̀. Ẹ̀ẹ̀kan lóṣù la ń ríra. Bẹ́ẹ̀ ló ṣe dàgbà, ó kọ́ iṣẹ́ àwòrán tó ń rìn, ó sì ń bá àwọn ará Japan ṣe é láti inú yàrá rẹ̀ ní Barriera di Milano, àdúgbò kan ní Torino. Àwọn ló ń ya ènìyàn àti ọkọ̀ tó ń fò lọ sáàárín ìràwọ̀. Òun ló ń kó gbogbo rẹ̀ pọ̀ sójú kan, tó ń fi ìmọ́lẹ̀, èéfín àti òjò sí i. Orúkọ kámẹ́rà ni wọ́n fi ń pe ipò rẹ̀, ni mo bá ròyìn ní ṣọ́ọ̀ṣì pé kámẹ́ràmáànì lọmọ mi.

Díákónẹ́ẹ̀sì kan ní, "Ìyá, kó wá bá wa ya ìkómọ o! Àbí torí pé a kì í ṣe ará Japan?"

Ọmọ mi rẹ́rìn-ín títí. "Mamma, ma dai, ẹ má ṣe bẹ́ẹ̀! Èmi ò ní kámẹ́rà kankan. Ẹ ti tà mí!"

Nígbà tí àìsàn kọlù ú, mo fiṣẹ́ sílẹ̀, mo wá jókòó tì í. Mo ní mi ò tún ní fi í sílẹ̀ mọ́, ó di ibi tó bá dé. Eruku inú ayé kan tí kò sí ló ń fi sí àwòrán wọn nígbà náà.

"Mamma, ọyẹ́ ilé yín, báwo ló ṣe ń rí láàárọ̀?"

Mo ní ó funfun ju tìẹ yìí lọ, bí omi ògì. Ó tẹ nǹkan, eruku náà funfun. Ọwọ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í ṣì í tẹ̀. Mo di ọwọ́ náà mú, àmọ́ mi ò mọ ibi tí wọ́n ń tẹ̀. Nígbà tó di ọjọ́ kẹta, ọwọ́ náà ò gbéra mọ́. Ẹlòmíràn ló parí iṣẹ́ náà.

Ọ̀sán ló kú, níṣojú mi.

Àwọn àgbà wa pé jọ. Mo ní màá bá a dé ibojì, mo ti ṣèlérí.

Bàbá tó dàgbà jù ní, "Ìyá, òbí kì í mọ sàréè ọmọ. Ẹ ní ọmọ méjì tó kù. Ṣé ẹ fẹ́ kó tún ṣẹlẹ̀ ni?"

Pásítọ̀ ní èèwọ̀ yẹn ò sí nínú Bíbélì, ṣùgbọ́n òun náà ò wojú mi.

Ọjọ́ Ẹtì ni wọ́n sin ín, láago mọ́kànlá àárọ̀. Èmi wà nílé.