Ẹnu Ọ̀nà Tí Mo Dí

Èmi ni mo dúró sẹ́nu ọ̀nà ilé àdúrà wa lọ́jọ́ tí gìrì mú ọmọ náà. Ọmọbìnrin ọdún márùn-ún ni. Bàbá rẹ̀ gbé e lé èjìká, ó ní ọsibítù lòun ń lọ. Bẹ́ẹ̀ sì ni olórí ẹgbẹ́ àdúrà wa ní Ìkàtẹ́ ti sọ fún wa tipẹ́ pé ẹni tó bá gba abẹ́rẹ́ ti ta ọkàn rẹ̀ fún èṣù. Mo gbà á gbọ́. Mo fẹ̀yìn ti ilẹ̀kùn.

"Àǹtí, ẹ kúrò lọ́nà."

"Ẹ padà sórí eékún yín, bọ̀dá."

Ó fi èjìká kejì gbá mi dànù, ó sáré jáde. Ìyàwó rẹ̀ kò tẹ̀ lé e. Òun gan-an ló pariwo jù nínú wa pé apẹ̀yìndà ni ọkọ òun.

Ọmọ náà yè. Nígbà tí mo gbọ́, inú bí mi, nítorí wọ́n ti ní yóò kú. Olórí wa wá ní ẹ̀mí mìíràn ló wà nínú rẹ̀ báyìí, pé bí a bá pàdé rẹ̀ lójú ọ̀nà, kí a gbójú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ibẹ̀ ni mo ti bẹ̀rẹ̀ sí ṣiyèméjì. Ọmọ tó máa ń sùn lé mi lẹ́sẹ̀ bí ìsìn bá pẹ́! Síbẹ̀, oṣù mẹ́jọ ni mo tún lò kí n tó kúrò.

Àwọn ọmọ ẹgbẹ́ náà wá dúró síwájú ṣọ́ọ̀bù ìránṣọ mi, wọ́n ń fi mí bú lọ́sàn-án gangan, títí àwọn oníbàárà mi fi sá. Mo lọ sọ́dọ̀ ìyá mi ní Ẹlẹ́kọ̀ọ́. Ọdún mẹ́fà ni mo fi pè é ní àjẹ́, nítorí wọ́n ní kí n pè é bẹ́ẹ̀. Ó wò mí láti òkè délẹ̀.

"Ṣé àjẹ́ ti wá di ìyá padà?"

Ó bu oúnjẹ fún mi, ó sì gbé àga tirẹ̀ lọ síta.

Lẹ́yìn ìyẹn ni mo wá bàbá ọmọ náà lọ sí Ajah, níbi tó ti ń tún fíríìjì ṣe. Mo kúnlẹ̀.

"Bọ̀dá, ẹ foríjì mí."

"Ta ni bọ̀dá rẹ?" Kò gbójú sókè. "Ìwọ lo mú ìyàwó mi wọ ibẹ̀. Ó ṣì wà níbẹ̀. Lọ mú un jáde."

Òótọ́ ni, èmi ni mo pè é wá.

Iṣẹ́ ilé gbígbá ni ìyàwó rẹ̀ ń ṣe ní ẹ́sítéètì VGC. Mo ń dúró dè é láàárọ̀ nítòsí géètì. Lọ́jọ́ kìn-ín-ní, ó tutọ́ sí mi láṣọ. Mo ka ẹsẹ Bíbélì fún un, ó ka tirẹ̀ lé mi lórí. Lọ́jọ́ kan, ara mi kò gbà á mọ́, mo ní, "Irú ìyá wo lẹ̀yin jẹ́?" Ó gbá mi létí. Àwọn ẹ̀ṣọ́ géètì lé àwa méjèèjì.

Ó pẹ́ kí n tó rí i pé ìwàásù ni mo tún ń ṣe. Mo pa á tì. Mo padà lọ sí Ajah, mo sì rí ọmọ náà lọ́dọ̀ bàbá rẹ̀. Nígbà tí mo tún pàdé ìyá rẹ̀, ọ̀rọ̀ kan péré ni mo sọ:

"Ọmọ yín ti ń pààrọ̀ eyín. Méjì ti yọ níwájú."

Ó dúró. "Ta ló bá a yọ ọ́?"

"Bàbá rẹ̀."

"Kò sunkún?"

"Mi ò mọ̀. Ẹ lọ bi í."

Kò lọ lọ́jọ́ náà. Oṣù kan kọjá kó tó lọ, kò sì padà sínú ẹgbẹ́ náà mọ́.

Nísinsìnyí, a jọ máa ń lọ bá àwọn tó ṣì wà níbẹ̀ sọ̀rọ̀. Nínú Màrúwá, iwájú lẹ́gbẹ̀ẹ́ awakọ̀ ló ń jókòó, kò ní bá mi jókòó. Bí a bá sì dé ọ̀dọ̀ obìnrin tí a wá bẹ̀ wò, bó ṣe máa ń bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ nìyí, á na ìka sí mi:

"Ẹ wo obìnrin yìí dáadáa. Òun ló mú mi wọ ẹgbẹ́ yín."