Ọjọ́ Tí Mo Kúnlẹ̀ Bẹ Ìyá Àgbà Kurd

Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ẹ jẹ́ kí n fẹnu ara mi ro ẹjọ́ ara mi. Mo gbá ọmọ ọlọ́mọ létí. Ní Amẹ́ríkà! Nínú ilé mi ní Loganville!

Ọ̀sán Sátidé ni, aago mẹ́rin ku ogún ìṣẹ́jú. Tiwa, ọmọ mi, ọmọ ọdún mẹ́tàlá, àti Berfin, ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní ilé kejì sí wa, jọ ń gbá géèmù ní pálọ̀. Kurd ni wọ́n nílé Berfin, ẹ̀yà tí kò ní orílẹ̀-èdè tirẹ̀. Géèmù ogun ayé àtijọ́ ni: wọ́n á mọ odi, wọ́n á lọ gbógun ti odi ẹlòmíì. Láti kíṣìnì ni mo ti ń gbọ́ "Dáná sun ún!" Ṣé ọ̀rọ̀ ọmọbìnrin nìyẹn?

Lẹ́yìn náà ni mo wá gbọ́ pé aṣọ Kurd wà lọ́rùn àwọn kan nínú géèmù náà. Wọn ò ní odi, wọn ò ní ọba. "Olè orí òkè" ni wọ́n pè wọ́n. Ẹni tó bá jó abúlé wọn á gba góòlù. Berfin ní kí Tiwa fi wọ́n sílẹ̀, pé bí ìyá àgbà òun ṣe máa ń wọṣọ nìyẹn. Tiwa rẹ́rìn-ín: "Géèmù lásán ni jàre! Wò ó bí wọ́n ṣe ń sá!" Ó jó abúlé mẹ́ta.

Igbe ni mo gbọ́. Nígbà tí mo débẹ̀, ẹ̀jẹ̀ ti bo ojú ọmọ mi! Berfin ti la páàdì géèmù mọ́ ọn lókè ojú ọ̀tún. Kí n tó mọ̀, ọwọ́ mi ti ba Berfin létí. Ó fẹnu gbá etí tábìlì, ẹ̀jẹ̀ bọ́, ó sá lọ sílé.

Ṣé wọn ò ní pe ọlọ́pàá? Ṣé ìjọba ò ní gba Tiwa lọ́wọ́ mi? Mo di ojú ọgbẹ́ rẹ̀, mo fà á lọ́wọ́, ó di ilé àwọn Berfin.

Ìyá àgbà Berfin ló ṣílẹ̀kùn. Kí ni ọmọ Yorùbá tún mọ̀? Mo kúnlẹ̀, mo fa Tiwa náà wálẹ̀, a dorí kodò.

Mama náà figbe ta bí ẹni tí wọ́n ń pa ọmọ lójú rẹ̀! Ó gbá mi lápá mú, èékánná rẹ̀ wọ ara mi, ó ń fà mí sókè. Mo rò pé ẹ̀bẹ̀ mi ò tíì tó. Mo tún kúnlẹ̀. Ó fọ́ mi létí!

Ìyá Berfin sáré jáde, ó ní kí n jọ̀ọ́, kí n dìde. Ó ní nígbà tí ìyá òun wà lọ́dọ̀ọ́, àwọn ṣójà ìjọba wọ abúlé wọn, wọ́n to àwọn ọkùnrin, wọ́n ní kí wọ́n kúnlẹ̀, kí wọ́n dorí kodò. Bí wọ́n ṣe yìnbọn pa wọ́n nìyẹn, ọkọ rẹ̀ àti àbúrò rẹ̀ méjì. Wọ́n sì jó abúlé náà. "Olè orí òkè" ni àwọn ṣójà náà pè wọ́n.

Mama ní ẹni tó bá máa bẹ òun, kó nàró, kó wo ojú òun. Èmi tí mo ti kọ́ Tiwa láti kékeré pé a kì í wo àgbà lójú! Ọmọ náà nàró, ó wò ó, ó ní, "Grandma, I'm sorry. Mi ò ní jó abúlé náà mọ́." Mama, tí Berfin ti ròyìn géèmù náà fún, ní kó mọ̀ pé òkúta ni àwọn baba òun fi mọ odi, pé ọmọ Kurd ló gba Jerúsálẹ́mù lọ́wọ́ àwọn ọba Yúróòpù láyé àtijọ́.

Èmi náà nàró bẹ Berfin, tó dúró sẹ́yìn ìyá rẹ̀. Ètè rẹ̀ ti wú. Ó wò mí títí, ó yí padà, ó wọlé.

Wọn ò pe ọlọ́pàá. Ṣùgbọ́n ó pé ọjọ́ mọ́kànlá lónìí, Berfin ò tíì kan ilẹ̀kùn wa.

Ẹ̀yin òbí, ẹ jókòó ti àwọn ọmọ yín, kí ẹ wo ẹni tí wọ́n ń pa nínú géèmù. Ẹ kó ọwọ́ yín níjàánu. Bí ẹ bá sì ṣẹ èèyàn, ẹ kọ́kọ́ bèèrè bí wọ́n ṣe ń bẹ̀bẹ̀ nílé rẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ ti ṣẹ ọmọ ọlọ́mọ rí, báwo lẹ ṣe rí i tún ṣe? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ kọ ọ́ sísàlẹ̀ fún mi. Mi ò mọ èyí tí mo tún lè ṣe.